Bí A Ṣe Ń Sun Odidi Ẹja Nínú Ewé, Pẹ̀lú Ọbẹ̀ Ewé Tútù

Ẹja tí a pọ́n sínú ewé kí a tó gbé e sórí ẹyín iná kì í gbẹ, kì í lẹ̀ mọ́ irin, bẹ́ẹ̀ ni kì í fọ́ nígbà tí a bá ń yí i padà. Nítorí ìṣòro mẹ́ta yìí gan-an ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ṣe ń sá fún sísun odidi ẹja, ewé sì ni ó ń yanjú gbogbo wọn lẹ́ẹ̀kan náà. Omi ara ẹja àti omi ara ewé yóò di oru gbígbóná, oru náà kò ní rí ibi sá gbà, yóò sì máa se ẹja náà jẹ́jẹ́ láti inú, nígbà tí iná ń jó ẹ̀yìn ewé tí òórùn èéfín rẹ̀ sì ń wọnú ẹran ẹja. Nítorí náà, ẹ má ṣe wo ewé gẹ́gẹ́ bí ọ̀ṣọ́ tí a fi ń mú kí oúnjẹ dára lójú. Ìkòkò ni ewé yìí jẹ́, ìkòkò tí ó bá sì ń jò kò lè mú oru dúró.

Mo lo ọ̀rọ̀ náà "sun" dípò "yan" nítorí pé ẹja yíyan lẹ́nu wa ni èyí tí a gbẹ lórí èéfín títí omi ara rẹ̀ fi tán. Òdìkejì rẹ̀ ni à ń wá níhìn-ín, nítorí omi ara ẹja ni a fẹ́ pa mọ́.

Irú ẹja tí ó yẹ

Ẹja tí ó wúwo tó 700 sí 900 gíráàmù ni ó rọrùn jù fún ẹni tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọ. Ó tó fún ènìyàn méjì tàbí mẹ́ta, kò sì nípọn débi tí ẹ̀yìn rẹ̀ yóò fi jóná kí àárín rẹ̀ tó jinná. Ẹja onípẹ́ tí ẹran rẹ̀ funfun tí ó sì ki ni kí ẹ wá, ìbáà jẹ́ ti òkun tàbí ti odò. Ẹja ọlọ́ràá náà dára, nítorí pé ọ̀rá ara rẹ̀ máa ń gbà á lọ́wọ́ gbígbẹ bí iná bá pọ̀ jù díẹ̀, ṣùgbọ́n ọbẹ̀ tí a ó fi jẹ ẹ́ gbọ́dọ̀ kan díẹ̀ sí i kí ọ̀rá náà má baà wúwo lẹ́nu.

Ojú ẹja tútù máa ń yọ síta, ó sì máa ń dán. Kì í rì sínú, kì í sì í ṣú bí ìgbà tí a bu omi wàrà sí i. Ẹ ṣí ìdérí tí ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ orí rẹ̀ kí ẹ wo ohun tí ó fi ń mí: ó gbọ́dọ̀ pupa dáadáa, bí ó bá sì ti ní àwọ̀ eérú, ẹ fi ẹja náà sílẹ̀. Ẹ fi ìka tẹ ara rẹ̀. Bí ibi tí ẹ tẹ̀ bá ta padà lójú ẹsẹ̀, ẹja náà ṣì tutù. Bí ojú ìka bá dúró síbẹ̀, ó ti pẹ́. Òórùn omi tí ó mọ́ ni ẹja tútù máa ń ní, èyí tí òórùn rẹ̀ bá sì ń ta ènìyàn nímú ti ń bàjẹ́, kò sí ewé tàbí ata kankan tí yóò tún un ṣe. Bí ó bá jẹ́ ẹja inú yìnyín ni ẹ ní, ẹ gbé e sínú fìríìjì láti alẹ́ ọjọ́ tí ó ṣáájú kí ó lè yọ́ jẹ́jẹ́. Èyí tí a bá fi sílẹ̀ lórí tábìlì láti yọ́, ara òde rẹ̀ yóò ti lọ́ wọ́ọ́rọ́, kòkòrò àìfojúrí yóò sì ti máa pọ̀ sí i níbẹ̀, nígbà tí àárín rẹ̀ ṣì le bí òkúta.

Títún ẹja ṣe

Ẹ fi ẹ̀yìn ọ̀bẹ họ ìpẹ́ rẹ̀ láti ìrù lọ sí orí. Lẹ́yìn náà, ẹ fi ṣóńṣó ọ̀bẹ la ikùn rẹ̀ láti ihò ìdí títí dé abẹ́ àgbọ̀n, kí ẹ sì kó ìfun rẹ̀ jáde. Ẹ má ṣe jẹ́ kí ẹnu ọ̀bẹ wọlé jìn, nítorí pé bí òróòro bá bẹ́ sínú ẹja, yóò mú un korò, fífọ̀ kì í sì í sábà mú ìkorò náà kúrò tán. Ẹ yọ ohun pupa tí ó fi ń mí náà dànù, nítorí pé òun ni ó máa ń kọ́kọ́ bàjẹ́ lára ẹja, bí ó bá sì wà níbẹ̀ lórí iná, omi tí ó dára jù nínú ewé ni yóò bà jẹ́. Nínú ikùn náà, lẹ́gbẹ̀ẹ́ egungun ẹ̀yìn, ẹ̀jẹ̀ dídì kan wà tí ó lọ gbọọrọ láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ẹ fi orí ṣíbí ha á kúrò pátápátá. Mo bẹ̀ yín kí ẹ fi sùúrù ṣe èyí, nítorí pé òórùn tí àwọn tí kò fẹ́ràn ẹja máa ń sọ pé ó ń lé wọn sá, inú ẹ̀jẹ̀ yìí ni ó ti sábà máa ń wá. Ẹ wá fi omi tútù fọ ẹja náà lẹ́ẹ̀kan, kí ẹ sì fi aṣọ mímọ́ tàbí bébà ìnuwọ́ nù ún gbẹ nínú àti lóde.

Lẹbẹ ẹ̀yìn ẹja a máa ní ṣóńṣó tí ó lè gún ewé. Ẹ fi àlùmọ́gàjí gé àwọn ṣóńṣó náà, ṣùgbọ́n ẹ má ṣe gé lẹbẹ náà tán, nítorí pé yóò wúlò fún wa nígbà tí a bá fẹ́ mọ̀ bóyá ẹja ti jinná.

Ẹ la ojú mẹ́ta sí ẹ̀gbẹ́ kọ̀ọ̀kan ẹja náà ní ìdágẹ̀ẹ́rẹ́, kí ọ̀kọ̀ọ̀kan jìn tó sẹ̀ǹtímítà 1, kí àárín èkíní sí èkejì sì tó sẹ̀ǹtímítà 3. Ojú ọ̀bẹ wọ̀nyí ni iyọ̀ àti ooru yóò gbà dé ibi tí ó nípọn jù. Ṣíbí tíì kan iyọ̀ tó fún odidi ẹja tí ó wúwo tó 800 gíráàmù: ẹ fi pa á nínú, lóde, àti nínú àwọn ojú tí ẹ là náà, kí ẹ sì fi í sílẹ̀ nínú fìríìjì fún nǹkan bí 20 ìṣẹ́jú. Omi díẹ̀ yóò sun jáde, ẹ nù ún kúrò.

Ẹ má ṣe fún omi ọsàn wẹ́wẹ́ sí i ní àkókò yìí. Kíkan ọsàn máa ń mú ẹran ẹja ki pọ̀ kí iná tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, èyí tí ó bá sì wà nínú rẹ̀ ju ìdajì wákàtí lọ yóò ti funfun bí èyí tí a ti sè, gbígbẹ ni yóò sì gbẹ nígbà tí ó bá dé orí iná. Inú ọbẹ̀ ni àyè ọsàn wà. Ohun tí ó yẹ kí ó wọ ikùn ẹja ni atalẹ̀ tí a gé pẹlẹbẹ pẹlẹbẹ, àlùbọ́sà díẹ̀, àti ọ̀pá àwọn ewé tí a ó fi ṣe ọbẹ̀, èyí tí ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń dà nù tí òórùn rẹ̀ sì pọ̀ gan-an. Ẹ má ṣe kì í títí ikùn yóò fi wú, nítorí pé oru gbọ́dọ̀ lè rìn nínú rẹ̀.

Ewé

Ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ ni mo fẹ́ràn jù fún iṣẹ́ yìí, nítorí pé ó fẹ̀, ó ní omi lára, ó sì máa ń dán nítorí ohun bí ìda tí ó bo ojú rẹ̀, èyí tí kì í jẹ́ kí ẹja lẹ̀ mọ́ ọn. Àwọn mìíràn máa ń lo ewé àjàrà, ewé ọ̀pọ̀tọ́ tàbí háhá àgbàdo tútù, gbogbo wọn sì dára bí a bá tò wọ́n lé ara wọn dáadáa. Ewé tí ẹ kò bá mọ̀ dájú pé wọ́n fi ń se oúnjẹ, ẹ má ṣe fi kan ẹja, bí ó ti wù kí ó fẹ̀ tó, nítorí pé àwọn igi ọ̀ṣọ́ kan wà tí oró inú ewé wọn lè pa ènìyàn. Ewé tí wọ́n gé fún títo òdòdó náà kò yẹ, nítorí pé ó ṣeé ṣe kí wọ́n ti fín oògùn sí i.

Ẹ gé igi líle tí ó wà láàárín ewé kúrò, kí ẹ sì fi aṣọ tútù nu ojú àti ẹ̀yìn rẹ̀. Ewé tútù tí a kò bá fi iná rà máa ń ya ní gbàrà tí a bá ṣẹ́ ẹ po, nítorí náà ẹ di etí rẹ̀ mú kí ẹ máa fà á kọjá lórí iná díẹ̀díẹ̀, láìdúró lójú kan. Ẹ óò rí i pé àwọ̀ rẹ̀ ń ṣú sí i, pé ó ń dán, pé ó sì ń rọ̀ bí aṣọ. Ìgbà yẹn ni ó tó. Èyí tí ó bá pẹ́ jù lórí iná yóò gbẹ, yóò sì tún máa ya bíi ti tẹ́lẹ̀. Ẹni tí kò ní iná tí ó ń jó lè rì í sínú omi gbígbóná fún bí ìṣẹ́jú kan, ṣùgbọ́n ti iná ni ó ń mú òórùn rẹ̀ jáde dáadáa.

Ìpele méjì ni a nílò. Ẹ tẹ́ ewé kan sílẹ̀ ní òró, kí ẹ sì tẹ́ èkejì lé e ní ìbú, kí ibi tí ọ̀kan bá ti ya lè bọ́ sórí ibi tí èkejì ti le. Ẹ fi òróró díẹ̀ pa ojú ewé òkè, ẹ gbé ẹja sí àárín, ẹ fi òróró pa òun náà, kí ẹ sì bo ẹ̀gbẹ́ méjèèjì ewé lé e bí ìgbà tí a bá ń ká aṣọ. Lẹ́yìn náà ni ẹ ó ṣẹ́ orí àti ìdí rẹ̀ sí abẹ́. Kí ewé fara mọ́ ẹja, ṣùgbọ́n kí ó má fún un pa. Ẹ fi okùn òwú tí a ti rẹ sínú omi dì í ní ibi mẹ́ta, tàbí kí ẹ fi tẹ́ẹ́rẹ́ tí a fà ya lára ewé náà dì í. Okùn rọ́bà tàbí ti ọ̀rá kò gbọ́dọ̀ sún mọ́ ọn, nítorí yíyọ́ ni yóò yọ́ sórí oúnjẹ.

Mo ti pọ́n ẹja sínú ẹyọ ewé kan ṣoṣo rí, nígbà tí àwọn àlejò ti jókòó tí mo sì ń kánjú. Iná pọ̀, ewé náà la, gbogbo omi inú rẹ̀ sì kán sórí èédú. Nígbà tí mo tú u, apá ìsàlẹ̀ ti gbẹ bí pákó, èyí tí ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ egungun sì ṣì jẹ́ tútù. Ó dùn mí gan-an, nítorí pé ẹja náà dára. Láti ọjọ́ náà ni n kò ti jẹ́ kí ewé dín sí méjì mọ́.

Iná

Ìta gbangba ni kí ẹ ti dá iná èédú. Èédú tí ń jó nínú ilé tàbí nínú ibi tí afẹ́fẹ́ kò ti ráyè wọlé máa ń tú afẹ́fẹ́ olóró kan jáde tí kò ní òórùn, tí ó sì lè pa ènìyàn láìjẹ́ pé ó fura.

Ẹ dá iná náà ní bíi 30 sí 40 ìṣẹ́jú ṣáájú, kí ẹ sì dúró títí ọwọ́ iná yóò fi lọ sílẹ̀ tí eérú funfun yóò sì bo èédú. Ẹyín iná ni ó ń sun ẹja, ọwọ́ iná a kàn máa jó ewé ni. Ẹ wọ́ ẹyín iná púpọ̀ sí apá kan, kí ẹ sì jẹ́ kí ó ṣẹ́ kù díẹ̀ ní apá kejì, kí ẹ lè rí ibi sún ẹja sí bí ewé bá fẹ́ gbaná. Láti mọ bí ooru ṣe pọ̀ tó, ẹ na àtẹ́lẹwọ́ sí òkè àwọ̀n irin náà, ní nǹkan bí sẹ̀ǹtímítà 12 sí i, kí ẹ sì máa ka ìṣẹ́jú àáyá. Bí ẹ bá lè dúró títí dé 4 tàbí 5 kí ẹ tó fa ọwọ́ sẹ́yìn, ooru náà ṣe wẹ́kú. Bí ẹ kò bá lè kọjá 2, iná náà ti pọ̀ jù, ẹ ní láti ní sùúrù.

Sísun ún

Ẹ gbé ẹja tí a ti pọ́n náà sórí àwọ̀n irin, kí ojú ibi tí ewé ti pàdé ara rẹ̀ wà lókè. Bí ẹja bá wà ní ìhòòhò lórí iná, 10 ìṣẹ́jú ni wọ́n sábà máa ń fún sẹ̀ǹtímítà 2.5 kọ̀ọ̀kan nínú ìnípọn rẹ̀. Ewé máa ń fi díẹ̀ kún un, nítorí náà ẹja tí ibi tí ó nípọn jù lára rẹ̀ tó sẹ̀ǹtímítà 5 yóò gbà tó 25 ìṣẹ́jú. Ẹ fún ẹ̀gbẹ́ àkọ́kọ́ ní 12 tàbí 13, ẹ fi ẹ̀mú àti ọwọ́ ṣíbí pẹlẹbẹ yí i padà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, kí ẹ sì fún èkejì ní iye kan náà. Kí ẹ̀yìn ewé dúdú, kí etí rẹ̀ sì máa jó fẹ́ẹ́fẹ́ẹ́, kò léwu. Ibẹ̀ gan-an ni òórùn dídùn rẹ̀ ti ń wá. Àmọ́ bí ẹ bá rí i pé ìpele àkọ́kọ́ ti lu, ẹ sún ẹja náà sí apá tí iná kò ti pọ̀, kí ẹ sì wọ́n omi díẹ̀ sí ojú ibẹ̀.

Ẹ má ṣe tú ewé láti yẹ̀ ẹ́ wò, nítorí pé oru tí ó bá jáde kò ní padà. Ẹ fi irin tẹ́ẹ́rẹ́ gún un láti òkè ewé wọ ibi tí ó nípọn jù, lẹ́yìn orí gẹ́ẹ́rẹ́. Bí ó bá wọlé láìsí ìdènà, tí orí irin náà sì gbóná nígbà tí ẹ bá fi kan ẹ̀yìn ọwọ́ lẹ́yìn ìṣẹ́jú àáyá mélòó kan, ó ti jinná. Ẹni tí ó bá ní ẹ̀rọ ìwọn ooru kò nílò àfọwọ́bà yìí: 63°C ní àárín ẹja ni ìwọ̀n tí ó yẹ kí ó rí. Ẹ gbé e kúrò, kí ẹ sì jẹ́ kí ó sinmi nínú ewé fún ìṣẹ́jú 5.

Bí òjò bá ń rọ̀ tàbí tí kò sí èédú, inú ààrò tí ooru rẹ̀ jẹ́ 200°C lè ṣe iṣẹ́ yìí láàárín 25 sí 30 ìṣẹ́jú. Yóò jinná dáadáa, omi rẹ̀ yóò sì pé, òórùn èéfín nìkan ni ẹ kò ní rí.

Ọbẹ̀ ewé tútù

Ọbẹ̀ yìí kò gbọ́dọ̀ rí iná rárá. Ẹja náà rọ̀, ó sì kún fún òórùn èéfín, nítorí náà ohun tí ó ń wá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ni ohun tí ó tutù, tí ó kan, tí ó sì ta ènìyàn jí. Nǹkan bí 60 gíráàmù ewé ni ẹ nílò. Ẹ lè da ewé pásílì àti koriáńdà pọ̀ ní ọgbọọgba, kí ẹ sì fi míńtì tàbí ẹ̀fínrín díẹ̀ sí i. Mo ní díẹ̀, nítorí pé òórùn àwọn méjèèjì yìí lágbára, bí wọ́n bá sì pọ̀ jù, ẹja kò ní lóhùn mọ́. Àwọn yòókù ni aáyù ojú méjì, àlùbọ́sà kékeré kan, ata tútù kan, ọsàn wẹ́wẹ́ méjì, ìdajì ṣíbí tíì iyọ̀, àti 120 mìlílítà òróró ólífì tàbí òróró mìíràn tí adùn rẹ̀ kò pọ̀ jù.

Ẹ fọ ewé náà kí ẹ tó gbé ẹja kaná, kí ẹ sì tẹ́ ẹ sórí aṣọ kí ó gbẹ tán. Omi tí ó bá kù lára ewé ni ó ń mú kí ọbẹ̀ ṣàn tí kò sì lẹ̀ mọ́ ẹja. Nígbà tí ẹja bá dé orí iná, ẹ gé àlùbọ́sà wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, ẹ fún omi ọsàn lé e lórí pẹ̀lú iyọ̀, kí ẹ sì fi í sílẹ̀ fún 10 ìṣẹ́jú, kí títa rẹ̀ lè rọlẹ̀. Lórí pákó mìíràn, tí kì í ṣe èyí tí ẹ fi tún ẹja tútù ṣe, ni kí ẹ ti fi ọ̀bẹ mímú rẹ́ ewé náà. Ọ̀bẹ kíkújú kì í gé ewé, títẹ̀ ni ó ń tẹ̀ ẹ́ pa, ewé tí a bá sì tẹ̀ pa yóò dúdú láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀. Ìdí nìyí tí n kò fi gbà pé kí a lọ̀ ọ́ nínú ẹ̀rọ: ẹ̀rọ a sọ ọ́ di ọ̀rá tútù kan ṣáá, nígbà tí ó yẹ kí ahọ́n máa pàdé ewé níhìn-ín, ata lọ́hùn-ún.

Ẹ gún aáyù pẹ̀lú ìwọ̀nba iyọ̀ títí yóò fi kúnná, ẹ gé ata wẹ́wẹ́, kí ẹ sì da àwọn méjèèjì àti ewé sínú òróró. Àlùbọ́sà àti omi ọsàn ni kí ó wọlé kẹ́yìn, nígbà tí ẹja bá ń sinmi. Kíkan máa ń mú èròjà magnẹ́síọ̀mù kúrò nínú ohun tí ó fún ewé ní àwọ̀ rẹ̀, nítorí náà ọbẹ̀ tí ọsàn bá pẹ́ nínú rẹ̀ yóò pàdánù àwọ̀ títàn yẹn, yóò sì rí bí ewé tí a ti sè jù. Ẹ tọ́ ọ wò pẹ̀lú ẹja díẹ̀, ẹ má ṣe tọ́ òun nìkan wò, nítorí pé ọbẹ̀ tí iyọ̀ rẹ̀ dà bí ẹni pé ó tó lórí ṣíbí lè dín lórí ẹja.

Bí ọbẹ̀ bá ṣẹ́ kù, inú fìríìjì ni kí ó sùn, kí ẹ sì jẹ ẹ́ tán láàárín ọjọ́ méjì tàbí mẹ́ta. Aáyù tútù tí ó wà nínú òróró kò yẹ kí ó wà níta, nítorí pé kòkòrò àìfojúrí kan tí ń gbé inú erùpẹ̀ lè bá aáyù wọlé, ibi tí afẹ́fẹ́ kò sí sì ni ó ti máa ń pèsè oró tí ó burú gidigidi.

Títú u

Ẹ gbé ẹja náà dé iwájú àwọn tí yóò jẹ ẹ́ pẹ̀lú ewé rẹ̀, inú àwo tí ó jìn. Ẹ fi àlùmọ́gàjí la ewé láti òkè, kí ẹ sì yẹ ojú sẹ́yìn, nítorí pé oru tí yóò kọ́kọ́ jáde lè bó ènìyàn. Ẹ fa lẹbẹ ẹ̀yìn tí a kò gé tán lẹ́ẹ̀kan: bí ó bá yọ wọ́ọ́rọ́wọ́, ọkàn yín lè balẹ̀. Bí ó bá ṣì di ara mú, ẹ tún ewé náà pa dé kí ẹ sì dá a padà fún ìṣẹ́jú 5. Ẹ fi ṣíbí fa ilà láti ẹ̀yìn orí lọ sí ìrù, kí ẹ sì ṣí ẹran apá òkè sí ọ̀tún àti sí òsì. Egungun ẹ̀yìn yóò hàn gbangba. Ẹ di ìrù mú, kí ẹ gbé e sókè jẹ́jẹ́, gbogbo egungun náà yóò sì bá orí lọ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Ẹ ṣì wá egungun wẹ́wẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ikùn, pàápàá bí ọmọdé bá wà nídìí oúnjẹ.

Omi kan yóò wà nísàlẹ̀ ewé, tí ó ní adùn ẹja, atalẹ̀ àti èéfín pọ̀. Ẹ má ṣe dà á nù. Ẹ bu ṣíbí méjì tàbí mẹ́ta nínú rẹ̀ sínú ọbẹ̀ ewé, ẹ rò ó pọ̀, kí ẹ sì bù ú sórí ẹja nígbà tí ó ṣì ń gbóná.